Eré Kan, Mọ́nítọ̀ Méjì: Ta Ni Yóò Rí Kí Ni?

Ìfáárà

Bí ènìyàn bá dé ibi tí wọ́n ti ń ta ayò, kì í kí ọ̀kan kí ó fi ìkejì sílẹ̀. Yóò ní, "Mo kọ́ta, mo kọ́pè o." Wọn yóò sì dá a lóhùn pé, "Ọ̀ta ń jẹ́, òpè ò gbọdọ̀ fọhùn." Ihò 12 ni ó wà lójú ọpọ́n, ọmọ ayò 48 ni a fi ń ta á, gbogbo rẹ̀ ni ó sì wà ní gbangba. Ohun tí ọ̀ta ń rí náà ni òpè ń rí. Ohun tí àwọn méjèèjì ń rí náà ni ọmọdé tí ó dúró lẹ́yìn wọn ń rí. Ìdí nìyí tí ìdí ayò fi jẹ́ ibi ọ̀rọ̀, ibi ẹ̀fẹ̀ àti ibi ẹ̀kọ́. Ẹni tí kò tíì mọ̀ ọ́n ta a máa fi ojú kọ́ ọ kí ó tó fi ọwọ́ kàn án.

Eré orí kọ̀ǹpútà kì í sábà rí bẹ́ẹ̀. Ẹnì kan ṣoṣo ni ó máa ń tẹjú mọ́ gíláàsì kékeré. Ẹni tí ó bá fẹ́ bá a wò ó ní láti na ọrùn kọjá èjìká rẹ̀. Nígbà tí olùkọ́ bá fẹ́ fi irú eré bẹ́ẹ̀ kọ́ kíláàsì, tàbí tí òbí bá fẹ́ mọ ohun tí ọmọ rẹ̀ ń ṣe, tàbí tí àwọn ọ̀rẹ́ bá fẹ́ jọ wòran, ohun tí ó máa ń kọ́kọ́ wá sí ọkàn wọn ni pé kí wọ́n so mọ́nítọ̀ kejì mọ́ ẹ̀rọ náà. Ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé ọ̀rọ̀ wáyà lásán ni èyí. Wáyà ní ipa tirẹ̀ lóòótọ́, ṣùgbọ́n òun kọ́ ni olórí ọ̀rọ̀. Ìbéèrè tí ó yẹ kí ó ṣáájú wáyà ni pé: ta ni ó yẹ kí ó rí kí ni? Ìdáhùn sí ìbéèrè yìí ni yóò sọ ètò tí a ó ṣe sínú ẹ̀rọ, ibi tí a ó gbé mọ́nítọ̀ sí, àti irú ẹ̀kọ́ tí eré náà lè kọ́ni.

Ohun tí Mọ́nítọ̀ Jẹ́

Èrò kan wọ́pọ̀ tí ó yẹ kí á kọ́kọ́ tú palẹ̀: èrò pé inú gíláàsì ni eré wà. Kò rí bẹ́ẹ̀. Inú kọ̀ǹpútà fúnra rẹ̀ ni gbogbo ìṣirò eré ti ń wáyé. Ẹ̀yà kan nínú rẹ̀, èyí tí a lè pè ní káàdì àwòrán, ni ó ń sọ ìṣirò náà di àwòrán, tí ó sì ń fi í ránṣẹ́ gba inú wáyà lọ sí mọ́nítọ̀. Mọ́nítọ̀ kò mọ ẹni tí ó ń borí, kò sì mọ ẹni tí ó ń pàdánù. Iṣẹ́ tí a bá rán an ni ó ń jẹ́. Nítorí náà, bí káàdì àwòrán bá ní ojú ihò méjì tí wáyà lè wọ̀, kò sí ohun tí ó ní kí ó má fi àwòrán ránṣẹ́ sí ọ̀nà méjì lẹ́ẹ̀kan náà.

Ìtàn eré kọ̀ǹpútà fi èyí hàn láti ìbẹ̀rẹ̀. Ní oṣù kẹwàá ọdún 1958, ní ibùdó ìwádìí Brookhaven tí ó wà ní ìpínlẹ̀ New York ní Amẹ́ríkà, onímọ̀ físíìsì kan tí ń jẹ́ William Higinbotham fẹ́ ṣe ohun tí kò ní jẹ́ kí ọjọ́ ìgbàlejò ibùdó náà sú àwọn àlejò. Ó gbé eré tẹ́níìsì kan kalẹ̀, tí ènìyàn méjì lè jọ ta. Ohun tí ó fi ṣe ojú eré náà ni oscilloscope, ẹ̀rọ tí àwọn onímọ̀ iná mànàmáná fi ń wo bí iná ṣe ń lọ sókè sódò. Gíláàsì rẹ̀ kò ju íǹṣì 5 lọ, síbẹ̀ àwọn àlejò tò lọ rẹrẹ láti dé ìdí rẹ̀. Nígbà tí ó di ọdún 1959, ọ̀kan nínú ohun tí wọ́n tún ṣe ni pé wọ́n lo ẹ̀rọ mìíràn tí gíláàsì rẹ̀ tóbi ju ti àkọ́kọ́ lọ. Eré kò tíì ju ọmọ ọdún kan lọ tí wọ́n ti ń wá ojú tí ó fẹ̀ sí i fún un, nítorí àwọn òǹwòran.

Ní ọdún 1972, ilé iṣẹ́ Magnavox gbé Odyssey jáde, ẹ̀rọ eré àkọ́kọ́ tí wọ́n tà fún lílò nínú ilé. Orí iṣẹ́ tí Ralph Baer àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ láti ọdún 1966 ni wọ́n gbé e kà. Ẹ̀rọ náà kò ní ojú tirẹ̀. Tẹlifíṣọ̀n onílé ni ó ń yá lò. Àwọn àmì funfun díẹ̀ àti ìlà kan ni ó lè gbé jáde, kò ní ohùn, kò sì ní àwọ̀. Nítorí èyí, wọ́n fi awẹ́ ike tí ó mọ́ gaara kún un, tí wọ́n ya pápá eré sí lára, kí oníbàárà lè máa lẹ̀ ẹ́ mọ́ ojú tẹlifíṣọ̀n rẹ̀. Ìwọ̀n méjì ni wọ́n ṣe ike wọ̀nyí sí, nítorí pé tẹlifíṣọ̀n kan tóbi ju òmíràn lọ. Síbẹ̀, ọ̀pọ̀ oníbàárà ni ó rò pé tẹlifíṣọ̀n tí Magnavox bá ṣe nìkan ni ẹ̀rọ náà lè bá ṣiṣẹ́. Èrò pé ẹ̀rọ àti gíláàsì jẹ́ ohun kan náà ni ó ṣì wọ́n lọ́nà. Ní ọdún 1972 yìí kan náà ni Allan Alcorn ṣe Pong fún ilé iṣẹ́ Atari. Tẹlifíṣọ̀n aláwọ̀ dúdú àti funfun tí ó rà ní ṣọ́ọ̀bù bí ẹni gbogbo ni ó kì bọ inú àpótí eré àkọ́kọ́.

Bí Mọ́nítọ̀ Kejì Ṣe Dé

Àwọn tí ó kọ́kọ́ mọ ìwúlò ojú méjì dáadáa ni àwọn tí ń kọ eré fúnra wọn. Nígbà tí ilé iṣẹ́ IBM gbé kọ̀ǹpútà kékeré rẹ̀ jáde ní ọdún 1981, irú káàdì àwòrán méjì ni ènìyàn lè rà fún un. Ọ̀kan wà fún ọ̀rọ̀ kíkọ nìkan, láìní àwọ̀; èkejì wà fún àwòrán aláwọ̀. Nítorí pé káàdì méjèèjì kò jọ ń lo ibi kan náà nínú ọpọlọ ẹ̀rọ, wọ́n lè wà nínú kọ̀ǹpútà kan ṣoṣo láìsí ìjà. Ẹni tí ń kọ eré lè máa wo eré rẹ̀ lójú mọ́nítọ̀ aláwọ̀, kí ó sì máa ka àṣìṣe inú iṣẹ́ rẹ̀ lójú mọ́nítọ̀ kejì. Kókó kan wà níbẹ̀ tí a kò gbọdọ̀ gbàgbé: ohun tí ó wà lójú mọ́nítọ̀ méjèèjì kò bára mu. Ọ̀kan ń fi eré hàn. Èkejì ń fi abẹ́nú eré hàn.

Lẹ́yìn èyí ni ọ̀nà ń là sí i. Macintosh II tí ilé iṣẹ́ Apple gbé jáde ní ọdún 1987 lè lo mọ́nítọ̀ tí ó ju ọ̀kan lọ. Ní ọdún 1998, Windows 98 mú àǹfààní yìí dé ọ̀dọ̀ àwọn tí ń lo kọ̀ǹpútà nínú ilé àti ọ́fíìsì lásán. Kọ̀ǹpútà alágbèéká tí ó ní ojú tirẹ̀, tí ó sì tún ní ihò tí a lè ki wáyà tẹlifíṣọ̀n bọ̀, ti wá pọ̀ débi pé ọ̀pọ̀ ènìyàn ní mọ́nítọ̀ kejì nílé láìmọ̀ pé àwọn ní in. Tẹlifíṣọ̀n tí ó wà ní pálọ̀ ni.

Àwọn tí ń ṣe ẹ̀rọ eré lásán náà kò jókòó tẹtẹrẹ. Ní ọdún 1982, ilé iṣẹ́ Nintendo ti ilẹ̀ Japan ṣe ẹ̀rọ eré alápòópò kan tí ó ní ojú méjì, tí a lè pa dé bí ìwé. Ní ọdún 2004, wọ́n tún gbé Nintendo DS jáde: ojú méjì ni òun náà ní, a sì lè fi ọwọ́ kan ti ìsàlẹ̀. Ní ọdún 2012 ni Wii U dé. Tẹlifíṣọ̀n ni ojú kìíní rẹ̀; ojú kejì wà lára ohun tí òṣèré mú lọ́wọ́. Ẹ̀rọ ìkẹyìn yìí kò tà tó bí wọ́n ti rò, ṣùgbọ́n ó kọ́ni ní ẹ̀kọ́ kan tí a ó padà bá níwájú.

Ẹ̀dà àti Ìfẹ̀

Bí wáyà bá ti wọ ihò, kọ̀ǹpútà yóò fẹ́ mọ ohun tí ènìyàn fẹ́ fi mọ́nítọ̀ kejì ṣe. Lórí kọ̀ǹpútà tí ń lo Windows, bí a bá tẹ bọ́tìnnì tí ó ní àmì Windows pọ̀ mọ́ lẹ́tà P, ohun mẹ́rin ni yóò kó síwájú ẹni. Àkọ́kọ́ ni kí mọ́nítọ̀ kìíní nìkan máa ṣiṣẹ́. Èkejì ni kí mọ́nítọ̀ méjèèjì máa fi ohun kan náà hàn. Ẹ̀kẹta ni kí mọ́nítọ̀ kejì di àfikún ti kìíní. Ẹ̀kẹrin ni kí mọ́nítọ̀ kejì nìkan máa ṣiṣẹ́. Orí èkejì àti ẹ̀kẹta ni gbogbo ọ̀rọ̀ dá lé.

Èkejì, èyí tí ẹ̀rọ ń pè ní Duplicate, ni a lè pè ní ẹ̀dà. Ohun tí ó wà níhìn-ín náà ni ó wà lọ́hùn-ún, bí ìgbà tí ènìyàn dúró níwájú dígí. Ẹ̀kẹta, tí ẹ̀rọ ń pè ní Extend, ni a lè pè ní ìfẹ̀. Ó dà bí ìgbà tí a fi tábìlì kejì ti tábìlì kìíní: tábìlì ti gùn sí i, ṣùgbọ́n ohun tí a gbé sí ìhà ọ̀tún kò sí ní ìhà òsì. Ohun kan lè ti orí tábìlì kan bọ́ sí orí èkejì; kò lè wà lórí méjèèjì.

Ìyàtọ̀ yìí kéré lẹ́nu ṣùgbọ́n ó tóbi níṣẹ́. Ẹ̀dà ń sọ eré di ọpọ́n ayò: gbogbo ènìyàn ń rí ohun gbogbo. Ìfẹ̀ ń pín ìmọ̀: ẹni tí ó jókòó sí ìdí mọ́nítọ̀ kìíní ń rí ohun tí àwọn yòókù kò rí. Olùkọ́ tí ó yan ẹ̀dà ń sọ fún kíláàsì pé, "Ohun tí mo rí ni ẹ rí." Olùkọ́ tí ó yan ìfẹ̀ ń sọ pé, "Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ rí ni ẹ ó rí." Kò sí èyí tí ó burú nínú méjèèjì. Ohun tí ó burú ni kí ènìyàn má mọ èyí tí òun yàn.

Wáyà àti Ètò Inú Ẹ̀rọ

Ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Bẹ́ẹ̀ ni wáyà kan ṣoṣo kọ́ ni a fi ń so mọ́nítọ̀. Èyí tí ó pẹ́ jù nínú àwọn tí a ṣì ń bá pàdé ni VGA, tí IBM mú jáde ní ọdún 1987. Irin tín-ín-rín 15 ni ó wà ní ẹnu rẹ̀, ó sì ní ìṣó méjì tí a fi ń dè é mọ́ ẹ̀rọ. Àwòrán nìkan ni VGA ń gbé. Kò mọ ohùn. HDMI, tí wọ́n fi ìlànà rẹ̀ lélẹ̀ ní ọdún 2002, ń gbé àwòrán àti ohùn pọ̀. Òun ni ó wà lẹ́yìn ọ̀pọ̀lọpọ̀ tẹlifíṣọ̀n. DisplayPort, tí ó dé ní ọdún 2006, wọ́pọ̀ lára mọ́nítọ̀ àwọn tí ń fi ọkàn sí eré. Àwọn kọ̀ǹpútà alágbèéká kan tún lè gba inú ihò USB-C fi àwòrán ránṣẹ́, ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo ihò bẹ́ẹ̀ ni ó lè ṣe é.

Ìṣòro kan wà tí ó máa ń bá àwọn tí ń lo kọ̀ǹpútà onítábìlì. Lẹ́yìn àpótí irú kọ̀ǹpútà bẹ́ẹ̀, ihò àwòrán lè wà ní ibi méjì: ti àpapọ̀ ẹ̀rọ fúnra rẹ̀, àti ti káàdì àwòrán alágbára tí a rà kún un. Bí a bá ki wáyà bọ ti àkọ́kọ́, àwòrán yóò hàn, ṣùgbọ́n eré lè máa fà bí ìgbín, nítorí pé káàdì alágbára tí a náwó lé lórí kò rí iṣẹ́ rẹ̀ ṣe bí ó ti yẹ. Kí ènìyàn tó máa bú eré, kí ó kọ́kọ́ wo ẹ̀yìn àpótí.

Bí ó bá jẹ́ ìfẹ̀ ni a yàn, ọ̀pọ̀ eré yóò ṣí lójú mọ́nítọ̀ tí kọ̀ǹpútà kà sí olórí. Ọ̀nà mẹ́ta ni a lè gbà gbé e lọ sí ojú kejì. Èkíní, a lè lọ sínú ètò kọ̀ǹpútà kí á sọ mọ́nítọ̀ kejì di olórí. Èkejì, àwọn eré kan ní ibi tí a ti lè yan mọ́nítọ̀ nínú ètò tiwọn. Ẹ̀kẹta, bí eré bá wà nínú fèrèsé, a lè tẹ bọ́tìnnì Windows àti Shift pọ̀ mọ́ ọfà ọ̀tún tàbí ti òsì. Fèrèsé náà yóò sì fò sí mọ́nítọ̀ kejì.

Fèrèsé tí a dárúkọ yìí ní ìtumọ̀ tirẹ̀. Eré lè gba gbogbo ojú mọ́nítọ̀ pátápátá, kí ó má bá ohunkóhun pín in. Bí ó bá rí bẹ́ẹ̀, bí ènìyàn bá tẹ ohun kan lójú mọ́nítọ̀ kejì, eré lè ká kúrò nílẹ̀ lójijì. Eré tún lè wà nínú fèrèsé tí kò ní etí, tí ó kún ojú mọ́nítọ̀ ṣùgbọ́n tí ó gbà kí ènìyàn máa ṣiṣẹ́ mìíràn lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Irú èyí ni ó dára jù fún olùkọ́ tí yóò máa ka àkọsílẹ̀ rẹ̀ lójú kìíní nígbà tí eré ń lọ lójú kejì. Àléébù rẹ̀ ni pé atọ́ka lè ṣèèṣì kọjá ààlà láti ojú kan sí èkejì nígbà tí eré bá gbóná.

Ìyára àti Ìdádúró

Kì í ṣe gbogbo ojú ni ó ń ṣẹ́ ní ìyára kan náà. Mọ́nítọ̀ tí ó wọ́pọ̀ ń pààrọ̀ àwòrán rẹ̀ ní ìgbà 60 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan. Bí a bá pín ìṣẹ́jú àáyá kan sí ọ̀nà 1,000, àwòrán kọ̀ọ̀kan ń gba bí ọ̀nà 16.7 nínú rẹ̀. Mọ́nítọ̀ tí wọ́n ṣe fún eré lè pààrọ̀ tirẹ̀ ní ìgbà 144, tí yóò mú kí ó gba nǹkan bí ọ̀nà 6.9 péré. Bí a bá fi àwọn méjì tí ìyára wọn kò dọ́gba ṣe ẹ̀dà ara wọn, àwòrán lè máa ta kọ́sẹ̀ lójú ọ̀kan nínú wọn.

Bẹ́ẹ̀ náà ni ọ̀rọ̀ ìwọ̀n àwòrán rí. Àwọn ẹyọ àmì kéékèèké ni a fi ń hun àwòrán. Ojú tí ó ní 1,920 ní ìbú àti 1,080 ní òòró ní àmì 2,073,600; èyí tí wọ́n ń pè ní 4K ní 8,294,400, tí ó jẹ́ ìlọ́po mẹ́rin gééré. Bí a bá ṣe ẹ̀dà láti ojú kọ̀ǹpútà kékeré sí tẹlifíṣọ̀n 4K, ìwọ̀n tí apá méjèèjì lè gbà ni ẹ̀rọ sábà máa ń lò, ìyẹn ìwọ̀n èyí tí ó kéré. Tẹlifíṣọ̀n olówó ńlá yóò wá máa fi àwòrán bàìbàì hàn. Ẹni tí kò nílò ojú kìíní rárá yóò rí àwòrán tí ó dára jù bí ó bá yan ohun kẹrin, tí mọ́nítọ̀ kejì nìkan ń ṣiṣẹ́.

Tẹlifíṣọ̀n tún ní ìwà kan tí mọ́nítọ̀ kò sábà ní. Kí ó tó fi àwòrán hàn, ó máa ń tún un ṣe kí ó lè dùn ún wò. Èyí kò ní kí fíìmù má dùn, nítorí òǹwòran kò mọ̀ pé ó pẹ́ kí ó tó dé. Nínú eré, ọwọ́ tẹ bọ́tìnnì, ojú sì ń retí èsì. Bí èsì bá pẹ́ díẹ̀, òṣèré yóò ti kú nínú eré kí ó tó rí ọ̀tá. Ìdí nìyí tí ọ̀pọ̀ tẹlifíṣọ̀n fi ní ètò tí wọ́n ń pè ní Game Mode, tí ó ń dín àtúnṣe wọ̀nyí kù. Eré tí ń fẹ́ ìrònú ju ìyára lọ, bí àpẹẹrẹ ayò tàbí ṣẹ́ẹ̀sì, kò nílò rẹ̀. Ẹni tí ó bá fẹ́ ta bọ́ọ̀lù tàbí sá eré ọkọ̀ ni kí ó kọ́kọ́ wá a.

Ohun kan kù nípa iná. Kọ̀ǹpútà alágbèéká ní bátìrì, tẹlifíṣọ̀n kò sábà ní. Bí iná bá lọ, ojú kejì yóò kú, ojú kìíní yóò sì wà láàyè. Gbogbo ohun tí ó wà lójú kejì yóò sábà ṣí padà wá sí kìíní. Ní ilẹ̀ tí iná mànàmáná kì í ti í dúró lójú kan, olùkọ́ tí ó gbọ́n yóò ti ṣètò sílẹ̀ de ìyẹn.

Níwájú Kíláàsì

Ẹ̀kọ́ tí Wii U kọ́ni ni ó kàn báyìí. Eré kan tí ó bá ẹ̀rọ náà jáde ní ọdún 2012, Nintendo Land, ní apá kan tí ó jọ eré ìsá-n-lé. Ẹni tí ń sá lọ mú ojú kejì lọ́wọ́, ó sì ń rí àwòrán gbogbo àdúgbò náà àti ibi tí olúkúlùkù wà. Àwọn tí ń lé e ń wo tẹlifíṣọ̀n. Ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn kò rí ju iwájú ara rẹ̀ lọ. Kò sí bí wọ́n ṣe lè mú un bí wọn kò bá sọ̀rọ̀. "Ó ti yà sí ibi ògiri pupa!" "Gba ẹ̀yìn dé e!" Ohun tí ó fa ọ̀rọ̀ sí wọn lẹ́nu kò ju pé ohun tí ẹnì kan rí, èkejì kò rí i.

Irú rẹ̀ mìíràn ni Keep Talking and Nobody Explodes, tí ó jáde ní ọdún 2015. Ẹnì kan ṣoṣo ni ó ń rí bọ́ǹbù lójú kọ̀ǹpútà; àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ni ìwé ìtọ́nisọ́nà olójú-ewé 23 wà lọ́wọ́ wọn. Ẹni tí ó rí bọ́ǹbù kò gbọdọ̀ rí ìwé. Àwọn tí ó rí ìwé kò gbọdọ̀ rí bọ́ǹbù. Ẹni ìṣáájú yóò ṣàpèjúwe, àwọn yòókù yóò bi í léèrè, wọn yóò sì pàṣẹ ohun tí yóò gé, kí àkókò tó tán.

Kí olùkọ́ èdè fi ojú inú wo ohun tí ó wà níhìn-ín. Ọ̀pọ̀ ìgbà ni a ń bẹ akẹ́kọ̀ọ́ pé kí ó ṣàpèjúwe àwòrán tí gbogbo kíláàsì ti ń rí. Akẹ́kọ̀ọ́ náà mọ̀ pé kò sí ẹni tí ó nílò ọ̀rọ̀ òun; ìdí nìyí tí ó fi ń sọ gbólóhùn kan tí yóò sì dákẹ́. Àwọn baba wa mọ èyí. Wọ́n ní ojú ní ń rí, ẹnu níí dákẹ́. Ṣùgbọ́n bí ojú ẹnì kan bá rí, tí ti ẹlòmíràn kò sì rí, ẹnu kò lè dákẹ́ mọ́. Yóò wá ọ̀rọ̀ fún òkè àti ìsàlẹ̀, fún ọ̀tún àti òsì, fún àwọ̀ àti ìrísí. Yóò mọ̀ pé "ó wà níbẹ̀ yẹn" kò tó. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ń kọ́ Yorùbá yóò ní láti mọ ìyàtọ̀ láàárín ohun tí ó pọ́n rúsúrúsú àti ohun tí ó pọ́n fòò, nítorí pé bí ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ bá ṣì í gbọ́, eré bàjẹ́.

Olùkọ́ kò nílò eré olówó gọbọi fún èyí. Kí ó yan ìfẹ̀. Kí ó gbé eré sí ojú kejì tí ó kọjú sí kíláàsì, kí akẹ́kọ̀ọ́ tí ọwọ́ rẹ̀ wà lórí bọ́tìnnì sì kọ ẹ̀yìn sí i. Àwọn tí ń wò ni yóò máa darí ọwọ́ tí kò ríran. Àwọn 40 tí ó ti jókòó gẹ́gẹ́ bí òǹwòran lásán yóò di ẹlẹ́nu ọ̀rọ̀. Lọ́jọ́ mìíràn, bí ẹ̀kọ́ bá jẹ́ ti ìjíròrò lórí ọgbọ́n eré, kí ó yan ẹ̀dà, kí gbogbo ojú lè rí ohun kan náà, kí àríyànjiyàn lè dá lórí ohun tí gbogbo ènìyàn mọ̀.

Àṣírí àti Ìtìjú

Bí ojú kejì ṣe lè la ẹnu, bẹ́ẹ̀ ni ó lè tú àṣírí. Ẹni tí ó yan ẹ̀dà ti ṣí ilẹ̀kùn yàrá rẹ̀ sílẹ̀ gbayawu. Bí lẹ́tà bá wọlé fún un, bí ọ̀rẹ́ bá fi ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sí i, kíláàsì yóò kà á. Bí ó bá ṣí ìwé tí ó kọ máàkì sí láàárín eré, ọmọ tí ó gba òdo yóò rí òdo rẹ̀ pẹ̀lú gbogbo ẹgbẹ́. Ẹ̀rín tí yóò tẹ̀lé e kò ní tán lọ́jọ́ kan. Nítorí náà, kí olùkọ́ pa gbogbo ohun tí kò kan eré dé, kí ó sì dí ẹnu àwọn ìkìlọ̀ tí ń yọ jáde, kí ó tó so wáyà.

Ìfẹ̀ náà ní ewu tirẹ̀. Nítorí pé ó ní ibi tí a lè fi nǹkan pamọ́ sí, ọmọ lè gbé eré sí ojú kejì tí ó kọ ẹ̀yìn sí ẹnu ọ̀nà, kí ó sì jẹ́ kí iṣẹ́ ilé-ìwé máa hàn lójú kìíní. Òbí tí ó bá wọlé yóò rí ìwé, yóò sì yin ọmọ. Àwọn kan yóò ní kí a kúkú yọ ojú kejì dànù. Ṣùgbọ́n orí bíbẹ́ kọ́ ni oògùn orí fífọ́. Bí a bá gbé ojú kejì sí pálọ̀ tí a sì ṣe é ní ẹ̀dà, tí bàbá tàbí ìyá jókòó tì í bí ẹni jókòó ti ìdí ayò, ọmọ yóò rí òǹwòran, òbí yóò sì mọ irú eré tí ó ń bá ọmọ òun gbé. Wọn lè má fẹ́ràn gbogbo ohun tí wọ́n rí, ṣùgbọ́n wọn yóò ní ohun tí wọn lè jọ sọ.

Ìtìjú náà wà nínú ọ̀rọ̀ yìí. Ẹni tí ń kọ́ eré lọ́wọ́ lójú kékeré ń ṣubú níkọ̀kọ̀. Bí a bá gbé e sí ojú ńlá, ìṣubú rẹ̀ di ti gbogbo ènìyàn. Nídìí ayò, òpè mọ̀ pé wọn yóò fi òun ṣe ẹ̀fẹ̀, ó sì mọ ìwọ̀n rẹ̀. Nínú kíláàsì, olùkọ́ ni yóò fi ìwọ̀n sí i. Kí ó má fi ipá mú ẹni tí ojú ń tì wá sí iwájú lọ́jọ́ kìíní. Kí ó jẹ́ kí ó kọ́kọ́ wà lára àwọn tí ń darí, kí ó tó wá di ẹni tí a ń darí.

Ìkádìí

Láti gíláàsì íǹṣì 5 ti ọdún 1958 títí dé tẹlifíṣọ̀n tí ó bo ara ògiri, ohun tí ó ń yí padà nínú eré kọ̀ǹpútà kì í ṣe bí àwòrán ṣe tóbi tó nìkan. Iye ojú tí ń rí i, àti ohun tí ojú kọ̀ọ̀kan ń rí, ń yí padà pẹ̀lú. Ẹni tí ó bá fẹ́ so mọ́nítọ̀ kejì, kí ó dáhùn ìbéèrè mẹ́ta kí ó tó mú wáyà. Àwọn wo ni yóò wòran? Kí ni ó yẹ kí wọ́n rí? Kí ni kò yẹ kí wọ́n rí? Bí ohun gbogbo bá yẹ fún gbogbo ojú, ẹ̀dà ni kí ó yàn. Bí ohun kan bá wà tí ó yẹ kí ó pamọ́, yálà nítorí àṣírí tàbí nítorí kí ọ̀rọ̀ lè jáde lẹ́nu àwọn ènìyàn, ìfẹ̀ ni. Lẹ́yìn èyí ni kí ó wá béèrè irú wáyà tí yóò rà.